Ta Ló Ni Ọjà Tí Káńsù Fi Lísì?

Ẹni tí ó bá fẹ́ gbọ́ ọ̀rọ̀ ìlú wa bí ó ti rí gan-an, kí ó wọ bọ́ọ̀sì ní Berger ní ìrọ̀lẹ́, kí ó sọ fún kọ́ńdọ́ pé Mówè ni òun ń lọ. Bí gó-sìló bá ti dá ọkọ̀ dúró lórí afárá gígùn nì lẹ́bàá Kara, tí òórùn màlúù bẹ̀rẹ̀ sí í gba ojú fèrèsé wọlé, kò ní í pẹ́ tí olúkúlùkù yóò fi máa sọ ohun tí ó wà ní ikùn rẹ̀. Ibẹ̀ ni mo wà ní ọjọ́ kan, tí mo ń ka ìwé ìròyìn, tí màmá kan tí ó jókòó tì mí fi ìgúnpá tọ́ mi.

"Bùrọ̀dá, ẹ má bínú o. Ṣé lọ́yà ni yín?"

Mo ní rárá, pé ìwé kíkọ lásán ni iṣẹ́ mi.

"Ẹ ṣáà mọ̀wé. Ẹ gbà mí nímọ̀ràn."

Èlùbọ́ àti ẹ̀wà ni màmá yìí ń tà. Ó ti lé ní 20 ọdún tí ó ti wà lójú kan náà nínú ọjà kan tí ó wà lábẹ́ ìjọba ìbílẹ̀. Kò dárúkọ káńsù náà, èmi náà kò sì bi í. Òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ni wọ́n fi owó ara wọn kan páànù, àwọn ni wọ́n da kankéré sílẹ̀, àwọn náà ni wọ́n gbẹ́ kànga. Káńsù kò ṣe ju kí ó máa já tíkẹ́ẹ̀tì fún wọn láràárọ̀. Àfi bí ilẹ̀ ṣe mọ́ lọ́jọ́ kan tí wọ́n bá ọ̀dà pupa lára gbogbo ìsọ̀. Wọ́n ní káńsù ti fi ilẹ̀ ọjà lísì fún dẹfẹ́lọ́pà kan fún 40 ọdún. Yóò kọ́ ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì síbẹ̀, àwọn ọlọ́jà yóò sì padà wọlé, ìyẹn bí wọ́n bá lè san owó ṣọ́ọ̀bù. Kò sí ẹni tí ó fi ìwé lísì náà hàn wọ́n. Wọ́n bá dá owó jọ, wọ́n gba lọ́yà, wọ́n kọ orúkọ àwọn 7 sínú ìwé ẹjọ́ ní ipò gbogbo ọjà. Màmá yìí jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn 7 náà.

Títí dé ibí yìí, irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ kò ṣọ̀wọ́n. Ibi tí ó ti yàtọ̀ ni pé lálẹ́ ọjọ́ kan, ẹnìkan wá bá a nílé. Ó fọ̀rọ̀ dídùn bá a sọ̀rọ̀, ó bá a ra ẹ̀wà pàápàá. Ó ní ṣọ́ọ̀bù kan wà níwájú ilé tuntun náà, tí ó kọjú sí títì, kò sì ní í san owó ilé fún ọdún 2 gbáko, bí ó bá lè yọ orúkọ rẹ̀ kúrò nínú ẹjọ́. Àwọn 2 ti yọ tiwọn. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin wà ní pólì, owó ilé ìwé ń bẹ nílẹ̀. Àbúrò rẹ̀ tí ó ń gbé ní Ifọ̀ ti ní kí ó tètè gbà á, ó ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́, àti pé ta ni ó ti bá ìjọba ṣẹjọ́ rí tí ó jèrè?

"Bùrọ̀dá, bí mo bá gbà á, ṣé ẹ̀ṣẹ̀ ni?"

N kò lè dá a lóhùn. Mo ń wo ojú títì bí ẹni pé ìdáhùn wà níbẹ̀. Láti ọjọ́ náà ni ọ̀rọ̀ yìí ti ń jà gùdù nínú mi, ìdí nìyí tí mo fi gbé e wá síwájú ẹ̀yin òǹkàwé mi.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ bèèrè pé ta ló ni ọjà. Bí ẹ bá bi káńsù, wọn yóò ní àwọn ni. Wọ́n sì ní ìwé tí wọ́n lè tọ́ka sí. Ìwé òfin ilẹ̀ wa ti 1999 to iṣẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ: ọjà, ibùdókọ̀, ilé ìpẹran, itẹ́ òkú, ilé ìyàgbẹ́ ìgboro. Àwọn ni yóò dá wọn sílẹ̀, àwọn ni yóò máa tọ́jú wọn, àwọn ni yóò sì máa ṣètò wọn. Ẹ tún ọ̀rọ̀ náà wò dáadáa. Títọ́jú ni òfin wí. Ẹni tí a ní kí ó bá wa tọ́jú ọmọ, ṣé òun ló bí i ni?

Bí ẹ bá bi lọ́yà, yóò mú yín padà sí 1978. Ọdún náà ṣe pàtàkì fún àwa ará Mówè àti Ìbàfò lọ́nà méjì. Ọdún náà ni wọ́n ṣí títì márosẹ̀ láti Èkó dé Ìbàdàn, tí àwọn abúlé inú oko wọ̀nyí bẹ̀rẹ̀ sí í di ìlú tí Èkó ń ya wọ̀ bí omi òjò. Ọdún kan náà, ní oṣù kẹta, ni ìjọba ológun Ọbásanjọ́ ṣe Òfin Lílo Ilẹ̀, tí ó gbé gbogbo ilẹ̀ ìpínlẹ̀ lé gómìnà lọ́wọ́, tí ó sì ní kí ìjọba ìbílẹ̀ máa bójú tó èyí tí kò bá sí nínú ìgboro. Ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé òfin yìí sọ gómìnà àti alága káńsù di onílẹ̀. Bẹ́ẹ̀ sì ni ìbẹ̀rẹ̀ òfin náà gan-an ń wí pé a fi ilẹ̀ náà sí ìkáwọ́ gómìnà fún lílò àti àǹfààní gbogbo ọmọ Nàìjíríà ni. Títì sọ ilẹ̀ wa di owó. Òfin sì ní owó náà kì í ṣe ti ẹni tí kọ́kọ́rọ́ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ̀kọ́ ti títì ni a tètè mọ̀.

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ yìí ti wà nílẹ̀ kí wọ́n tó bí Ọbásanjọ́. Ní 1913, ìjọba òyìnbó gba ilẹ̀ kan ní Àpápá tí ó wà lábẹ́ Olóyè Àmọ́dù Tìjání, Olúwa ti Èkó, ọ̀kan nínú àwọn Ìdẹ́jọ. Nígbà tí ó di ọ̀rọ̀ owó, ìjọba ní Olúwa kì í ṣe onílẹ̀, pé alákòóso lásán ni, nítorí náà owó kékeré ni ó tọ́ sí i. Àwọn kóòtù Èkó gbà bẹ́ẹ̀. Olúwa kò gbà. Ní 1920 ó wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, Herbert Macaulay sì bá a lọ, ó di ọ̀pá àṣẹ Ẹlẹ́kọ̀ọ́ mú lọ́wọ́. Ní 1921 àwọn adájọ́ Privy Council dá Olúwa láre, ìjọba sì padà san £22,500.

Owó náà ni àwọn ènìyàn máa ń rántí. Èmi rò pé ìdí ìdájọ́ náà ṣe iyebíye ju owó lọ. Àwọn adájọ́ kò sọ pé Olúwa ló ni ilẹ̀ Àpápá bí ènìyàn ṣe ń ni aṣọ. Wọ́n ní ẹbí àti àwùjọ ló ni ín, pé olóyè ń dì í mú fún wọn ni, bí a tilẹ̀ ń pè é ní onílẹ̀ lẹ́nu lásán. Wọ́n sì gbà pé, nínú àṣà wa, olóyè kò gbọdọ̀ gbé ilẹ̀ fún àlejò láìjẹ́ pé àwọn àgbà fọwọ́ sí i. Ní nǹkan bí àkókò kan náà, Elésì ti Òdogbolú ní Ìjẹ̀bú ti sọ irú rẹ̀ fún ìgbìmọ̀ òyìnbó tí ó ń wádìí ọ̀rọ̀ ilẹ̀: pé ẹbí ńlá ló ni ilẹ̀, pé púpọ̀ nínú ẹbí náà ti kú, díẹ̀ wà láàyè, àwọn tí a kò tíì bí kò sì lóǹkà.

Ẹ wá wò ó. Bí Olúwa, tí baba ńlá rẹ̀ ti wà lórí ilẹ̀ náà kí òyìnbó tó dé, bá jẹ́ olùdìmú lásán, kí ni ká wá sọ nípa alága káńsù tí sáà rẹ̀ kò ju ọdún díẹ̀ lọ?

Àwọn òyìnbó pàápàá ti fara gbá irú rẹ̀. Ní 1869, àwọn aṣòfin Illinois ní Amẹ́ríkà gbé ilẹ̀ abẹ́ omi tí ó lé ní 1,000 éékà ní etí adágún Chicago fún ilé iṣẹ́ ọkọ̀ ojú irin kan. Ní 1873, wọ́n gbà á padà. Ẹjọ́ dé, ó sì pẹ́. Ní 1892, ilé ẹjọ́ tí ó ga jù lọ níbẹ̀ ní ìjọba kò lẹ́tọ̀ọ́ láti jọ̀wọ́ irú ohun bẹ́ẹ̀ rárá, nítorí pé a fi ṣọ́ ọ lọ́wọ́ fún ará ìlú ni. Níhìn-ín, ní 1974, lójú àwọn ológun, ilé ẹjọ́ wa tí ó ga jù lọ dá àwọn Ereku láre lórí gómìnà ológun Mid-West. Wọ́n ní ìjọba tí ó bá fi orúkọ ará ìlú gba ilẹ̀, tí ó wá gbé e fún ilé iṣẹ́ aládàáni, ti ṣi agbára lò. Inú mi máa ń dùn bí mo bá rántí pé àwọn kan lẹ́nu láti sọ bẹ́ẹ̀ nígbà yẹn.

Ṣùgbọ́n ẹ má ṣe jẹ́ kí n fi ẹjọ́ apá kan dá ẹjọ́. N kò sọ pé káńsù kò gbọdọ̀ fi ohunkóhun lísì. Ọjà mìíràn wà tí kò ní ilé ìyàgbẹ́, tí ẹrẹ̀ rẹ̀ ń gbé bàtà mì, tí iná ń jó lọ́dọọdún. Káńsù ní kò sí owó. Bí aláwo owó kan bá wá, tí ó kọ́ ọjà tí ó dára, tí ó ń gba owó rẹ̀ padà díẹ̀díẹ̀, kí ni ó burú níbẹ̀? Ẹni tí ó fi owó ara rẹ̀ kọ́lé pẹ̀lú ní ẹ̀tọ́. Kò dára kí alága tuntun dé kí ó ní òun kò mọ ìwé tí alága àná fọwọ́ sí.

A ti rí irú èyí lójú títì yìí kan náà. Ní 2009, ìjọba àpapọ̀ gbé títì Èkó sí Ìbàdàn fún ilé iṣẹ́ Bi-Courtney fún ọdún 25. Iṣẹ́ ₦89.5 bílíọ̀nù ni. Ní oṣù kọkànlá 2012, ìjọba já ìwé náà, wọ́n sì gba kóòtù lọ. Lọ́yà ìhà kìíní ń wí tirẹ̀, lọ́yà ìhà kejì ń wí tirẹ̀, àwa tí a ń gbé ní Mówè sì wà nínú gó-sìló, a ń ra gàlá àti omi tútù. Bí ìwé ọlọ́jọ́ pípẹ́ bá bàjẹ́, kì í ṣe àwọn tí ó fọwọ́ sí i ni ó kọ́kọ́ ń jẹ ìyà rẹ̀.

Nítorí náà ohun tí ó ń dùn mí kì í ṣe lísì. Ohun tí ó ń dùn mí ni lísì òru. Ta ni wọ́n bi léèrè? Ta ni ó mọ iye tí dẹfẹ́lọ́pà san, àti àpò tí ó bọ́ sí? Ṣé ẹlòmíràn láǹfààní láti sọ iye tirẹ̀? Bí 40 ọdún bá pé, kí ni yóò padà sọ́wọ́ ìlú, ilé ni àbí àlàpà? Ìgbà mìíràn tilẹ̀ wà tí kì í ṣe alága tí a dìbò yàn ló fọwọ́ sí ìwé bẹ́ẹ̀. Àwọn ìgbìmọ̀ tí gómìnà yàn ni, àwọn tí a ń pè ní kiatéká. Ní oṣù keje 2024, ilé ẹjọ́ tí ó ga jù lọ ní irú ìgbìmọ̀ bẹ́ẹ̀ kò bá òfin mu. Orúkọ wọn pàápàá ń ṣe ẹlẹ́rìí, nítorí pé alábòójútó ni ìtumọ̀ kiatéká. Ẹni tí ó wá ṣọ́ ilé fún oṣù mẹ́fà, tí ó fi yàrá háyà fún 40 ọdún, kí ni ẹ máa pè é?

Ó sì yẹ kí àwọn ènìyàn wa mọ̀ pé ìwé lísì kì í ṣe awo. Òfin tí ó fún ará ìlú ní ẹ̀tọ́ láti rí ìwé ìjọba ti wà láti 2011. Ẹnikẹ́ni lè kọ lẹ́tà pé òun fẹ́ rí i, láìsọ ìdí, ọjọ́ 7 sì ni òfin fún wọn láti dáhùn. Àwọn ìpínlẹ̀ kan ní kò kan àwọn, ṣùgbọ́n ní 2025 ilé ẹjọ́ tí ó ga jù lọ ní ó kan gbogbo wọn. Lẹ́tà kan lásán lè ṣe ohun tí ariwo ọjọ́ mẹ́wàá kò lè ṣe.

Ọ̀rọ̀ wá kù síbi kan, ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ irú ẹjọ́ yìí sì máa ń kú sí. Kóòtù yóò bi ọ́ pé: kí ló kàn ọ́? Sẹ́nétọ̀ Abraham Adéṣànyà, ọmọ Ìjẹ̀bú-Igbó, pe Ààrẹ Ṣàgàrí lẹ́jọ́ nítorí pé ó fi adájọ́ kan ṣe olórí àjọ tí ń ṣètò ìbò. Ní 1981, ilé ẹjọ́ tí ó ga jù lọ ní Sẹ́nétọ̀ kò ní ẹnu níbẹ̀, nítorí pé kò fi ìpalára kan hàn tí ó jẹ́ tirẹ̀ nìkan. Ní Kẹ́ńyà, ní 1989, Wangari Maathai lọ sí kóòtù nítorí ilé alájà 60 tí ìjọba fẹ́ kọ́ sínú Uhuru Park ní Nairobi, níbi tí tálákà ti ń gba afẹ́fẹ́. Kóòtù lé e jáde pé kí ló kàn án. Ó pàdánù ẹjọ́ náà, ṣùgbọ́n ariwo rẹ̀ ti dé òkè òkun, àwọn tí ìbá yá ìjọba lówó fà sẹ́yìn, wọn kò kọ́ ilé náà mọ́.

Èrò kóòtù náà máa ń yà mí lẹ́nu. Bí wọ́n bá jí ewúrẹ́ mi, èmi lè pè wọ́n lẹ́jọ́. Bí wọ́n bá jí ohun tí ó jẹ́ ti gbogbo wa, kò sí ẹni tí ó lè sọ̀rọ̀, nítorí pé ti gbogbo wa ni! Ó dára tí ilé ẹjọ́ wa tí ó ga jù lọ ṣí ilẹ̀kùn náà sílẹ̀ díẹ̀ ní 2018, nínú ẹjọ́ epo tí ó dà sínú odò àwọn ará abúlé Acha ní Ìpínlẹ̀ Abia, tí ó gbà kí ẹgbẹ́ kan tí kì í ṣe ará abúlé náà pe NNPC lẹ́jọ́ nítorí wọn. Síbẹ̀ ọ̀nà náà kò tíì rọrùn. Ní ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀, o ní láti kọ́kọ́ kọ̀wé fún káńsù kí o sì dúró fún oṣù kan kí o tó lè pè é lẹ́jọ́. Òfin mìíràn tí ó ń dáàbò bo òṣìṣẹ́ ìjọba wà tí ó ní láàárín oṣù 3 ni kí o ti pè é, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé irú ẹjọ́ kan wà tí òfin náà kò kàn. Katakátá kì í gba nótíìsì ní tirẹ̀.

Ẹ ò rí i pé màmá ẹlẹ́wà wa ní ohun tí Adéṣànyà àti Maathai kò ní. Ìsọ̀ rẹ̀ ni wọ́n fẹ́ wó. Ó ní ẹnu. Ẹnu náà ni wọ́n sì wá rà lálẹ́.

Èmi wò ó títí, ohun tí mo rí nìyí. Orúkọ rẹ̀ tí ó wà nínú ìwé ẹjọ́ kì í ṣe tirẹ̀ nìkan mọ́. Gbogbo ọjà ló dá owó lé e lórí. Bí Olúwa ṣe di ilẹ̀ Àpápá mú fún àwọn ènìyàn rẹ̀ ni màmá yìí ṣe di ẹjọ́ yìí mú. Bí ó bá fi gba ṣọ́ọ̀bù, ohun tí káńsù fi ọjà ṣe ni òun náà fi ẹjọ́ ṣe. Kì í ṣe owó dẹfẹ́lọ́pà ni yóò san ṣọ́ọ̀bù náà, ìsọ̀ àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ni.

Bí mo ti kọ èyí tán, ojú tì mí díẹ̀. Èmi tí mo ń jẹun lẹ́ẹ̀mẹ́ta lóòjọ́ kọ́ ni ó yẹ kí n máa fi àkàwé Olúwa kọ́ obìnrin tí owó ilé ìwé ọmọ rẹ̀ ń bẹ nílẹ̀. Mo sì rántí àwọn tí kò dá kọ́bọ̀ sí ẹjọ́ náà, tí wọ́n ń dúró pé bí ó bá dáa àwọn yóò wọlé, bí kò bá dáa àwọn kò sí níbẹ̀. Bí ó bá yọ orúkọ rẹ̀, àwọn yìí ni yóò kọ́kọ́ bú u. Wọn kò ní ẹnu láti bú u. Bí ó bá rẹ̀ ẹ́, kí ó lọ sí kóòtù lójúmọmọ, kí ó ní ó rẹ òun, òun kò lè ṣe mọ́. N kò rí ẹ̀ṣẹ̀ níbẹ̀. Gbígba owó rẹ̀ ni mo rí.

Ṣùgbọ́n n kò sọ gbogbo èyí fún un lọ́jọ́ náà. Ọkọ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí í rìn, a ti kọjá Arépo, Magboro ti ń bọ̀. Ohun tí mo lè sọ kò ju pé, "Màmá, kí ẹ tó dá ọkùnrin yẹn lóhùn, ẹ sọ fún àwọn 4 tó kù pé ó wá. Ẹ jẹ́ kí wọ́n gbọ́ ọ lẹ́nu yín."

Ó wò mí, ó bú sẹ́rìn-ín. "Bùrọ̀dá, ṣé ẹ rò pé èmi nìkan ló wá bá ni? Ọ̀kan nínú wọn wá sílé mi lánàá, ó kàn jókòó, ó ń wo ilẹ̀. Kò sọ nǹkankan. Èmi náà ò sọ nǹkankan."

A dé Ìbàfò. Ó sọ̀ kalẹ̀, ó kó ẹrù rẹ̀, ó yí padà sí kọ́ńdọ́ pé ṣéńjì òun dà. Kọ́ńdọ́ ní kò sí ṣéńjì. Màmá di ilẹ̀kùn bọ́ọ̀sì mú, ó ní ọkọ̀ yìí kò ní í lọ.

"₦100 mi ni o. Fún mi."

Ó sì rí i gbà.